Ẹ Jọ̀wọ́, Ẹ Má Ra Orí Igún Mọ́

Ẹ̀yin tí ẹ ń ra orí igún lórí àtẹ lẹ́kulẹ́ja, ẹ̀yin tí ẹ ń tà á, ẹ̀yin darandaran àti ẹ̀yin alápatà, ọ̀dọ̀ yín ni ọ̀rọ̀ yìí ń bọ̀. Mi ò wá bá ẹnikẹ́ni jà. Iṣẹ́ kan wà tí igún ti ń ṣe fún wa láti ìgbà ìwáṣẹ̀, tí kò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, tí ìjọba kankan kò sì ní rí owó tó tó ṣe é bí igún bá tán. Igún sì ń tán lọ. Ìdí tí mo fi ń kígbe nìyẹn.

Ẹ bi àwọn àgbà tó dàgbà sí Ìbàdàn, sí Ògbómọ̀ṣọ́, sí Abẹ́òkúta. Wọn á sọ fún yín pé ní ìgbà èwe àwọn, igún kì í wọ́n lórí òrùlé odò ẹran, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n máa ń tò sí ẹ̀bá àkìtàn ńlá láàárọ̀ kùtù. Ọ̀pọ̀ ọmọ wa ìsinsìnyí ni kò fojú kàn án rí. Inú òwe àti inú èébú ni wọ́n ti mọ orúkọ rẹ̀.

Igún tiwa, èyí tó máa ń gbé láàárín èèyàn, kò tóbi tó àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tó wà nínú pápá àwọn kìnnìún. Ẹnu rẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́, kò lágbára láti fa awọ màlúù ya. Ohun tó mọ̀ ọ́n ṣe ni kí ó ṣa ẹran tó ṣẹ́ kù sára eegun, kí ó gbé ìfun tí wọ́n dà nù mì, kí ó palẹ̀ òkú ewúrẹ́ tí mọ́tò gbá mọ́. Orí rẹ̀ tó pá, tí àwọn èèyàn fi ń ṣẹ̀fẹ̀, wúlò fún un púpọ̀: ẹ̀jẹ̀ àti ọ̀rá kì í lẹ̀ mọ́ ọn bí ì bá ṣe lẹ̀ mọ́ ìyẹ́, ooru ara rẹ̀ sì ń ríbi jáde. Oje inú rẹ̀ kan gidigidi, débi pé ọ̀pọ̀ kòkòrò àrùn tó lè pa èèyàn ni kò lè la inú rẹ̀ kọjá láàyè.

Bí màlúù bá kú sẹ́bàá ọ̀nà, ẹnìkan gbọ́dọ̀ palẹ̀ rẹ̀ mọ́. Níbi tí igún bá pọ̀ sí, ọ̀kan á rí i láti òkè, á sọ̀ kalẹ̀. Àwọn yòókù tó ń yípo lófuurufú á rí i pé ó sọ̀, wọ́n á tẹ̀ lé e. Kí ilẹ̀ ọjọ́ náà tó ṣú, ó lè jẹ́ eegun ló kù. Níbi tí kò bá sí igún, ajá ni yóò dé, eku á tẹ̀ lé e, eṣinṣin àti ìdin á gba ìyókù. Àwọn wọ̀nyí ò yára. Ọ̀pọ̀ ọjọ́ ni òórùn á fi gba àdúgbò, tí omi òkú ẹran á sì máa ṣàn lọ sínú odò. Ajá àti eku tó jẹ àjẹyó níbẹ̀ á máa bí sí i, wọ́n á sì padà wá bá wa nílé.

Ẹ má rò pé mò ń fi ohun tí kò lè ṣẹlẹ̀ dẹ́rù bà yín. Ó ti ṣẹlẹ̀ ní Íńdíà.

Màlúù tí àwọn ará Íńdíà ń sìn, bí a bá ka ẹfọ̀n tí wọ́n ń fún wàrà rẹ̀ mọ́ ọn, ju mílíọ̀nù 200 lọ, ọ̀pọ̀ nínú wọn kì í sì í jẹ ẹran màlúù. Bí ẹran bá kú, wọ́n á gbé e lọ sí ẹ̀yìn ìlú. Àwọn aláwọ á bó awọ, igún á jẹ ẹran, àwọn tó ń ṣa eegun á wá kó eegun lọ tà. Ètò yìí dúró ṣinṣin títí di nǹkan bí ọdún 1994, nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí fún màlúù ní oògùn ìrora kan tí wọ́n ń pè ní diclofenac. Oògùn náà ò ṣàjèjì sí wa rárá. Òun náà ni ọ̀pọ̀ nínú yín ń rà lọ́dọ̀ oníkẹ́míìsì nítorí ẹ̀yìn dídùn àti orúnkún ríro. Owó rẹ̀ ti wálẹ̀ nígbà náà, nítorí ilé iṣẹ́ tó kọ́kọ́ ṣe é kò ní àṣẹ àdáni lórí rẹ̀ mọ́, ẹnikẹ́ni sì lè ṣe é tà. Ó ṣiṣẹ́ dáadáa fún màlúù. Ṣùgbọ́n igún tó bá jẹ òkú màlúù tí oògùn náà ṣì wà lára rẹ̀, kíndìnrín rẹ̀ á dáṣẹ́ sílẹ̀ láàárín ọjọ́ díẹ̀, ohun funfun kan bí ẹfun á bo ẹ̀dọ̀ àti ọkàn rẹ̀, ó di òkú.

Wọ́n ń já bọ́ láti orí igi, kò sì sẹ́ni tó mọ ohun tó ń pa wọ́n. Àwọn onímọ̀ kọ́kọ́ rò pé àjàkálẹ̀ àrùn ni. Ọdún 2004 ni Lindsay Oaks àti àwọn tó bá a ṣiṣẹ́ ní Pakistan tó tẹ àbájáde wọn jáde pé diclofenac ni. Nígbà yẹn, ẹ̀pa ò fẹ́ẹ̀ bóró mọ́. Láàárín ọdún 1992 sí 2007, irú igún kan tó pọ̀ jù ní Íńdíà dín kù débi pé nínú 1,000, ọ̀kan péré ló kù. Ohun tó bà mí lẹ́rù jù nínú ọ̀rọ̀ yìí ni pé kò pọn dandan kí gbogbo màlúù gba oògùn náà. Àwọn onímọ̀ ṣírò rẹ̀, wọ́n sì rí i pé bí oògùn náà bá wà lára òkú ẹran tí kò tó ẹyọ kan nínú 100, ó tó láti pa igún run báyẹn.

Ní ìlú Mumbai ní Íńdíà, àwọn ẹlẹ́sìn Parsi gbà pé èèwọ̀ ni kí òkú ba ilẹ̀ tàbí iná jẹ́, nítorí náà inú ilé ìṣọ́ tó ṣí lórí ni wọ́n máa ń tẹ́ òkú wọn sí kí igún wá jẹ ẹ́. Igún tán, òkú ò lọ mọ́. Wọ́n wá gbé dígí ńlá tó ń gba agbára oòrùn síbẹ̀ láti máa gbẹ ara òkú. Ẹ wo bí àṣà tó ti wà fún ọ̀pọ̀ ọ̀rúndún ṣe dojú rú nítorí oògùn màlúù.

Àwọn èèyàn tó kú nítorí pé igún tán ló dùn mí jù. Ajá ìgboro pọ̀ sí i, àrùn dìgbòlugi pọ̀ sí i, omi odò sì bàjẹ́. Ní ọdún 2024, Eyal Frank àti Anant Sudarshan, àwọn onímọ̀ ètò ọrọ̀ ajé, tẹ ìwádìí wọn jáde. Wọ́n fi àwọn agbègbè tí igún ti pọ̀ tẹ́lẹ̀ wé àwọn agbègbè tí kò fi bẹ́ẹ̀ bá igún lára mu. Kí igún tó tán, bí èèyàn ṣe ń kú níbi méjèèjì ń lọ ní ọgbọọgba. Lẹ́yìn tó tán, ikú fi ohun tó lé ní ìdá 4 nínú 100 pọ̀ sí i ní àwọn agbègbè tí igún ti pọ̀ tẹ́lẹ̀. Wọ́n ṣírò rẹ̀ pé láti ọdún 2000 sí 2005, nǹkan bí èèyàn 500,000 tí kò yẹ kó kú ló kú, àdánù náà sì ń lọ sí bílíọ̀nù 69.4 dọ́là lọ́dọọdún.

Àwọn kan máa ń bínú pé kí ló dé tí ọ̀mọ̀wé ń fi owó díwọ̀n ohun tí Ọlọ́run dá. Láti ọdún 1997 tí Robert Costanza àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ti kéde pé iṣẹ́ tí igbó, irà, odò àti òkun ń ṣe fún aráyé tó trílíọ̀nù 33 dọ́là lọ́dún ni àríyànjiyàn náà ti le sí i. Ó yé mi ìdí tí wọ́n fi ń bínú. Igún ju owó lọ lójú mi. Ṣùgbọ́n ẹ wo bí wọ́n ṣe ń ṣe ètò ìnáwó ní ìjọba ìbílẹ̀ wa: owó ọkọ̀ akólẹ̀ wà níbẹ̀, owó oṣù àwọn tó ń gbálẹ̀ ọjà wà níbẹ̀, owó oògùn wà níbẹ̀. Igún tó ń ṣe nínú iṣẹ́ àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kò sí níbẹ̀, nítorí náà kò sẹ́ni tó ń bi ara rẹ̀ léèrè pé èló la máa san bí ó bá lọ. Ẹni tó bá ti gbọ́ iye tí Íńdíà san kò ní lè sọ pé òun ò mọ̀.

Nílẹ̀ Áfíríkà, kì í ṣe oògùn màlúù ló ṣáájú nínú ohun tó ń pa igún. Ìwádìí tí Darcy Ogada àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe káàkiri ilẹ̀ yìí fi hàn pé láàárín ìran igún mẹ́ta, igún tó ń gbé láàárín wa yìí ti dín kù ní ìdá 83 nínú 100. Nínú gbogbo igún tí wọ́n rí àkọsílẹ̀ ikú rẹ̀, májèlé ló pa 61 nínú 100, òwò oògùn ìbílẹ̀ ló gbé 29 lọ. Láti ọdún 2015 ni àjọ IUCN, tó ń ṣàkọsílẹ̀ àwọn ẹ̀dá tó fẹ́ parun, ti fi í sí ìpele tó burú jù, èyí tó gbẹ̀yìn kí ẹ̀dá tó di àwátì nínú igbó.

Májèlé yìí ń gba ọ̀nà púpọ̀ wọlé. Àwọn ọdẹ tó ń jí erin pa máa ń fi í sára òkú erin kí igún má baà yípo lókè kó sì tú àṣírí wọn. Ní Botswana, oṣù Kẹfà ọdún 2019, igún tó lé ní 500 ló kú lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo lọ́nà bẹ́ẹ̀. Àwọn darandaran máa ń fi í sínú ẹran láti pa ìkookò tàbí ajá. Èyí tó kàn wá gbọ̀ngbọ̀n ni ti Guinea-Bissau. Láti ìparí ọdún 2019 wọ inú 2020, igún tó lé ní 2,000 ni wọ́n fi májèlé pa níbẹ̀, wọ́n sì ti gé orí àwọn kan nínú wọn lọ. Orílẹ̀-èdè yẹn wà lára ibi tí igún wa yìí ṣì pọ̀ sí jù láyé. Ní ti ìwọ̀-oòrùn àti àárín gbùngbùn Áfíríkà, Nàìjíríà àti Olómìnira Benin ni òwò ẹ̀yà ara igún ti gbilẹ̀ jù. Bí orí bá ní ọjà níhìn-ín, ẹnìkan á lọ wá a wá láti ibi yòówù kó wà.

Nítorí náà, ẹ̀yin tí ẹ ń rà á, ẹ gbọ́. Mo mọ̀ pé àìsàn, àìríṣẹ́ àti ìfòyà ayé ló ń gbé èèyàn dé ibẹ̀. Ẹni tó ń wá àwúre kì í ṣe ẹni ibi. Ṣùgbọ́n ẹ bi ara yín báwo ni igún tí ẹ ra orí rẹ̀ ṣe kú. Ẹni tó fi pàkúté mú ẹyọ kan, ẹyọ kan náà ló rí. Ẹni tó fẹ́ kó ọgbọ̀n orí wá sọ́jà lẹ́ẹ̀kan náà, òkú ẹran àti oògùn apakòkòrò ló ṣeé ṣe kó lò. Májèlé náà ò kúrò lára ẹyẹ nítorí pé ó ti kú. Ẹ lè sun ún, kí ẹ lọ̀ ọ́, kí ẹ dà á sínú ẹ̀kọ gbígbóná tàbí kí ẹ gún un mọ́ ọṣẹ. Ẹ ò lè mọ ohun tó ṣẹ́ kù sínú rẹ̀, kò sì sẹ́ni tó yẹ̀ ẹ́ wò fún yín kí ó tó dórí àtẹ. Aboyún àti ọmọ kékeré ni mò ń bẹ̀rù fún jù nínú ọ̀rọ̀ yìí.

Ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi àṣà tàn yín. Àwọn baba wa ló sọ pé a kì í pa igún, a kì í jẹ igún, a kì í fi igún bọ orí. Òfin tó le tó bẹ́ẹ̀ kì í wà lásán. Ẹbọ tí igún bá sọ̀ lé, tó jẹ, ayọ̀ ni fún ẹni tó rú u, nítorí wọ́n gbà pé ẹbọ náà ti dà. Báwo ni a ṣe wá ń pa ẹni tó ń bá wa gbé ẹbọ? A tún máa ń wúre pé igún kì í kú léwe. Májèlé tí wọ́n tẹ́ sára òkú màlúù ò wo ọjọ́ orí. Èyí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ fò kúrò nínú ìtẹ́ àti èyí tó ti gbó, ibẹ̀ ni wọ́n jọ ń kú sí.

Ẹ̀yin oníṣègùn ìbílẹ̀, ẹ̀yin ni apá yín ká ọ̀rọ̀ yìí ju ọlọ́pàá lọ. Àjọ NCF, tó ń dáàbò bo ẹ̀dá inú igbó ní Nàìjíríà, ti ń bá àwọn ẹlẹgbẹ́ yín sọ̀rọ̀ pé kí wọ́n máa fi ewé, egbò àti èèpo igi rọ́pò ẹ̀yà ara igún, àwọn kan sì ti gbà. Ẹ mọ ewé jù mí lọ. Ẹ gbé e yẹ̀ wò ní ìpàdé ẹgbẹ́ yín, kí ẹ sì pinnu pé ẹni tó bá gbé orí igún wá sọ́jà kò ní rí oníbàárà láàárín yín.

Ẹ̀yin tí ẹ ń sin ẹran, bí màlúù, ewúrẹ́ tàbí àgùntàn yín bá ń jẹ̀rora, ẹ má ṣe gún un ní diclofenac. Ẹ béèrè meloxicam lọ́wọ́ dókítà ẹran. Wọ́n ti dán an wò lára igún, kò pa wọ́n, ó sì ń ṣiṣẹ́ náà fún ẹran. Íńdíà, Nepal àti Pakistan fòfin de diclofenac fún ẹran ní ọdún 2006, Bangladesh tẹ̀ lé wọn ní 2010. Kò yẹ kí àwa dúró kí tiwa tó kú tán ká tó kọ́gbọ́n. Ẹ má sì fi májèlé sínú ẹran nítorí ajá tàbí ẹranko tó ń pa adìyẹ yín. Igún náà á bá yín jẹ ẹ́, ọmọ aládùúgbò yín náà lè gbé e.

Níbi tí igún ti wọ́n, ọwọ́ wa ni òkú ẹran máa ń kù sí, nítorí náà ẹ ṣọ́ra. Bí ẹran bá ṣàdédé kú, tí ẹ̀jẹ̀ dúdú ń jáde ní imú tàbí ihò ìdí rẹ̀, ẹ jìnnà sí i. Ẹ má là á, ẹ má bó o, ẹ má tà á. Ó lè jẹ́ àrùn anthrax, tó máa ń pa èèyàn. Ní oṣù Kẹfà ọdún 2023, nígbà tó bẹ́ sílẹ̀ ní Ghana, ìjọba àpapọ̀ kìlọ̀ fún wa pé ká ṣọ́ra fún pọ̀nmọ́ àti ẹran ìgbẹ́. Ní oṣù Keje, wọ́n fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé ó ti dé oko ẹran kan ní ìhà Suleja, ní ìpínlẹ̀ Niger. Dókítà ẹran ni kí ẹ pè, òun ló máa sọ bí wọ́n á ṣe sun ún tàbí kí wọ́n rì í mọ́lẹ̀ jìnnà.

Ọ̀rọ̀ ajá ńkọ́? Èèyàn bí 59,000 ni dìgbòlugi ń pa lọ́dún káàkiri ayé, gẹ́gẹ́ bí WHO, àjọ ìlera àgbáyé, ṣe sọ, ajá ló sì ń fà á ní ìdá 99 nínú 100. Bí àmì rẹ̀ bá ti hàn lára èèyàn, bóyá ló fi ń rí ìwòsàn mọ́. Nítorí náà, bí ajá bá bu yín jẹ, kódà kó jẹ́ pé eyín rẹ̀ kàn ha yín lára díẹ̀, ẹ fi ọṣẹ àti omi tó ń ṣàn fọ ojú ọgbẹ́ náà fún ìṣẹ́jú 15, kí ẹ sì lọ sí ilé ìwòsàn lọ́jọ́ náà gan-an fún abẹ́rẹ́ àjẹsára. Ẹ gba gbogbo rẹ̀ pé; abẹ́rẹ́ kan ò tó. Ẹ má fi epo tàbí ata sí i, ẹ má sì jẹ ẹ̀dọ̀ ajá tó bu yín jẹ, bí àwọn kan ṣe máa ń gbani nímọ̀ràn. Ajá tí ẹ ń sìn nílé, ẹ máa mú un lọ gba abẹ́rẹ́ tirẹ̀ lọ́dọọdún. Ìjọba ìbílẹ̀ tó bá sì fẹ́ dín ajá ìgboro kù, kí ó má ṣe da májèlé fún wọn, nítorí ohun tó bá jẹ òkú wọn á kú tẹ̀ lé wọn.

Nepal ti fi ọ̀nà kan hàn. Ní abúlé Pithauli, láti ọdún 2006, àwọn ará abúlé máa ń gba màlúù tó ti gbó, wọ́n á tọ́jú rẹ̀ láìfún un ní oògùn tó ń pa igún títí yóò fi kú fúnra rẹ̀, wọ́n á sì gbé òkú rẹ̀ lọ sí gbangba fún igún. Àwọn àlejò ń wá wò ó, owó ń wọlé fún abúlé, igún tó ń dín kù tẹ́lẹ̀ sì ti bẹ̀rẹ̀ sí pọ̀ díẹ̀díẹ̀. Kò yára, nítorí igún kì í bímọ púpọ̀. Ẹyin kan ṣoṣo ni tiwa ń yé lẹ́ẹ̀kan, ó ń sàba lé e fún nǹkan bí oṣù kan ààbọ̀ tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, ọ̀pọ̀ ọdún ni ọmọ náà sì máa ń lò kí òun náà tó bẹ̀rẹ̀ sí yé.

Bí igún bá ṣì ń wá sí àdúgbò yín, ẹ sọ fún àwọn ọmọ kí wọ́n má sọ òkò lù ú. Ẹ má gé igi àràbà tàbí igi ńlá mìíràn tó fi ń ṣe ibùgbé. Ẹ kọ ọjọ́ tí ẹ rí i sílẹ̀, ibi tí ẹ ti rí i àti iye tí ẹ kà, kí ẹ fi ránṣẹ́ sí àjọ NCF tàbí ẹ̀ka ẹ̀kọ́ ẹranko ní yunifásítì tó sún mọ́ yín. Bí ẹ bá rí òkú igún mẹ́ta tàbí mẹ́rin lójú kan náà, ẹ má fọwọ́ kàn wọ́n, ẹ lé ajá àti ọmọdé kúrò níbẹ̀, kí ẹ sì pe dókítà ẹran ti ìjọba ìbílẹ̀ yín kí ilẹ̀ ọjọ́ náà tó ṣú.